Àgbò Tí Kì Í Dá Jẹun

Láti ìgbà tí a ti sin Àtàndá, ọkọ mi, ni àgbò rẹ̀ ti kọ oúnjẹ. Mo gbé èèpo ẹ̀gẹ́ síwájú rẹ̀, ó wò ó, ó gbójú kúrò bí ìyàwó tó ń bínú. Tawheed ọmọ wa pè láti Ìbàdàn, ó ní kí a dúńbú ẹ̀ kó tó kú sí wa lọ́wọ́. Mo ní n kò gbọ́ irú ẹ̀. Ọjà Sẹ́kọ́nà ni Àtàndá ti rà á ní kékeré, abẹ́ agbádá ló gbé e sí bọ̀ wálé lọ́jọ́ náà nítorí òjò. Àgbò yìí àti Tawheed nìkan ló fọwọ́ ara rẹ̀ tọ́, Tawheed ò sì sí nílé.

Mo ránṣẹ́ pe Fọláhànmí, dókítà ẹran tó ń gbé ní àdúgbò Alájùé. Ó wò ó bóyá ó ní ibà, ó la ẹnu rẹ̀ wo eyín, kò rí nǹkan kan. Kò sáré mú abẹ́rẹ́. Ó fa àpótí, ó jókòó, ó ń wo àgbò títí ó fi sú mi.

“Ìyá, báwo ni Bàbá ṣe máa ń fún un lóúnjẹ?”

Ẹ̀rín bọ́ lẹ́nu mi. Lẹ́yìn ìrun alásárì, a ó jókòó sábẹ́ igi máńgòrò tí a so àgbò mọ́, èmi àti Àtàndá, a ó jọ máa jẹ ẹ̀bà nínú abọ́ kan. Kó tó bu òkèlè, á kọjú sí àgbò, á pariwo pé, “Bísímílà o!” Mo máa ń bá a jà pé ẹran ò kéú. Á ní ó kéú jù mí lọ. Áà, mo ṣàárò ariwo yẹn.

“Báyìí ńkọ́?”

“Màá gbé èèpo sílẹ̀ fún un, màá wọlé lọ ni.”

“Àgùntàn kì í fẹ́ dá jẹun, Ìyá. Ó ń dúró de ẹni tí wọ́n á jọ jẹ ẹ́.” Ó wo aṣọ opó tó ti fẹ̀ jù mí lọ. “Ẹ̀yin náà, kí lẹ jẹ lónìí?”

Mo ní omi nìkan ni.

Ó wọ ilé ìdáná lọ, ó fọwọ́ ara rẹ̀ tẹ ẹ̀bà, ó gbé e wá bá mi lábẹ́ igi. “Ẹ pè é bí Bàbá ṣe ń pè é.”

Mo mirí pé n kò lè ṣe é. Ni ọmọ ṣọ́ọ̀ṣì yìí, tòun ti àgbélébùú ọrùn rẹ̀, bá pariwo: “Bísímílà o!”

Àgbò gbórí sókè. Kò jẹ. Èmi ló ń wò.

Ẹ̀bà náà ní kókó. Mo bu òkèlè, mo gbé e mì tòun tomijé. Ìgbà náà ni àgbò tẹnu bọ èèpo iwájú rẹ̀.