Báńà Orí Ilé Ewúrẹ́

Lọ́jọ́ tí wọ́n dìbò yọ Anusaya Khilare kúrò lórí àga alága ìgbìmọ̀ abúlé Karvandwadi, kò sunkún, kò bú ẹnikẹ́ni. Ó dìde, ó pa fáànù torí òun ló tàn án, ó sì lọ fún àwọn ewúrẹ́ rẹ̀ lóúnjẹ.

Ẹ̀ṣẹ̀ rẹ̀ ò ju ẹyọ kan lọ: ó gé páìpù. Ọdún mọ́kànlá ni omi táńkì abúlé fi ń gba inú páìpù yẹn lọ sí oko ìrèké Pralhadrao Nimbore, igbákejì rẹ̀, tí àwọn obìnrin àdúgbò darandaran ń ru ìkòkò lọ sí kànga tó jìn tó máìlì méjì. Àtọjọ́ tó ti gé e ni omi ti ń yọ lẹ́nu ẹ̀rọ wọn. Bó bá kúrò lórí àga, páìpù á padà sáyè ẹ̀. Gbogbo wa la mọ̀ bẹ́ẹ̀.

Nimbore kì í ṣe èèyàn burúkú. Ó kàn fẹ́ràn ojú ara rẹ̀ ni. Ọmọ ẹnikẹ́ni ò lè yege ìdánwò kí ó má gbé báńà sí oríta láti kí i kú oríire, àwòrán tirẹ̀ á sì tóbi ju ti ọmọ náà lọ. Abẹ́ rẹ̀ ni wọ́n máa ń kọ “Ọba Ọkàn Àwọn Ọ̀dọ́” sí. Ọmọ ọdún méjìdínlọ́gọ́ta ni.

Nínú ọmọ ìgbìmọ̀ mẹ́sàn-án, méje gbọ́dọ̀ fọwọ́ síwèé níwájú ọ̀gá ọ́fíìsì ìjọba, kí wọ́n sì dìbò, pé àwọn ò fọkàn tán alága tó jẹ́ obìnrin mọ́ kí ó tó lè kúrò. Nimbore rí méje, òun fúnra rẹ̀ ìkeje. Kí ẹnikẹ́ni má baà yí wọn lọ́kàn padà, ó ṣe bí wọ́n ti máa ń ṣe é: ó kó wọn wọ ọkọ̀ ojúirin, ó di Kashi, ìlú mímọ́ tó jìn ju ìrìn ọjọ́ kan lọ, kí wọ́n máa wẹ̀ nínú odò Ganga títí ìbò á fi ku ọjọ́ kan. Kí wọ́n tó dé, báńà ti wà ní oríta: ojú méje, odò lẹ́yìn wọn, ọjọ́ tí wọ́n lọ, ọjọ́ tí wọ́n bọ̀, àti oore tí wọ́n ṣe lọ́hùn-ún. Lẹ́yìn ìbò, afẹ́fẹ́ wó o. Anusaya ká a, ó fi bo ilé ewúrẹ́, torí ohun tí gbogbo wa ń fi báńà tó bá ṣubú ṣe nìyẹn.

Ó ku ọjọ́ méjì kí àyè àtipẹjọ́ dópin nígbà tó ránṣẹ́ pè mí, èmi tí mo kọ́ ọ níwèé. Ó ń fún wàrà lọ́wọ́ nínú ilé ewúrẹ́.

“Guruji, ẹ bá mi ka ohun tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ etí Nimbore-dada yẹn.”

Mo gbójú sókè sí báńà. “Ọjọ́ kẹfà sí ọjọ́ kẹrìnlá.”

“Ọjọ́ wo ni ọ̀gá ọ́fíìsì ìjọba kọ̀wé pé àwọn méjèèje wá fọwọ́ síwèé níwájú òun pé àwọn fẹ́ yọ mí?”

Mo wo ẹ̀dà ìwé náà. “Ọjọ́ kẹsàn-án.”

“Ẹsẹ̀ wọn mà yá o,” ó ní, ó ń bá wàrà rẹ̀ lọ.

Níwájú ọ̀gá àgbà ìjọba ní ẹkùn wa ni wọ́n ti gbọ́ ẹjọ́ náà. Òórùn báńà wọlé kí báńà tó wọlé. Ewúrẹ́ ti jẹ etí kan rẹ̀. Agbẹjọ́rò Nimbore rẹ́rìn-ín músẹ́.

“Àṣìṣe àwọn atẹ̀wé ni ọjọ́ yẹn, ọ̀gá. Odò yẹn gan-an, ẹ̀rọ lè yà á sẹ́yìn ẹnikẹ́ni.”

Nimbore ni Anusaya kọjú sí, ó sì tẹrí ba fún un bí ẹ̀gbọ́n.

“Dada, ẹ má bínú o. Wọ́n kọ ọ́ síbí pé lọ́jọ́ kẹsàn-án, ẹ bọ́ igba èèyàn létí Ganga. Èmi ò gbà gbọ́. Ta ló ń ṣerú ẹ̀ láyé ìsinsìnyí? Bóyá ogún ni, táwọn atẹ̀wé bù mọ́ ọn.”

Agbẹjọ́rò fa Nimbore láṣọ. Ó ti pẹ́ jù.

“Ogún kẹ̀? Irínwó ni! Ọwọ́ mi yìí ni mo fi bu ìrẹsì fún wọn títí oòrùn fi wọ̀. Ẹ bi àwọn wọ̀nyí!”

“Ìka mi bó,” ni ọ̀kan nínú àwọn mẹ́fà tó kù wí, tìgbéraga-tìgbéraga.

“Lọ́jọ́ kẹsàn-án?” ni ọ̀gá béèrè.

“Ọjọ́ kẹsàn-án gan-an!”

Ọ̀gá kọ ọ́ sílẹ̀. Agbẹjọ́rò dijú.

Ọmọ tí mo ti kọ́ pọ̀, àwọn kan ti di dókítà. N ò tíì rí èyí tó mọ èèyàn kà tó Anusaya. Ó lè pe ọkùnrin náà ní òpùrọ́ kí wọ́n jọ máa jà á títí di ọdún tó ń bọ̀. Ó kàn bu iyì rẹ̀ kù díẹ̀, ó sì jẹ́ kí ó fẹnu ara rẹ̀ dá a padà.

Wọ́n fagi lé ìbò náà. Páìpù ò padà. Ọ̀gá mú báńà sọ́dọ̀ gẹ́gẹ́ bí ẹ̀rí.

“Ìgbà wo ni mo máa rí i gbà, ọ̀gá?” Anusaya béèrè. “Òjò ò ní pẹ́ dé.”

“Ó ti di ti fáìlì, màmá.”

Lọ́jọ́ kẹta, báńà tuntun yọ ní oríta: “A kí Anusaya-tai,” ìyẹn àǹtí Anusaya, “kú oríire.” Ojú rẹ̀ wà níbẹ̀ lóòótọ́, ó tó ọsàn wẹ́wẹ́. Ojú Nimbore tó àtẹ. Ọkùnrin náà fúnra rẹ̀ dúró lábẹ́ rẹ̀, ó ń retí ìyìn.

“Tai, ṣé ó dùn ún wò?”

Anusaya fi ẹsẹ̀ wọn ìbú rẹ̀ láti òpó dé òpó.

“Ó dùn ún wò gan-an, Dada. Ó tiẹ̀ fẹ̀ ju ti àkọ́kọ́ lọ.” Ó fọwọ́ pa etí báńà náà wò. “Ṣé omi kì í gba inú irú eléyìí kọjá?”