Òkúta Mẹ́rin fún Ọjà Ọrún

"Ẹ tẹ̀ ẹ́, Màmá. Kò ní bù yín jẹ."

Theresa na ìka, ó fà á sẹ́yìn, ó tún nà án. Àwọn mẹ́wàá yòókù tí wọ́n jọ ń kọ́ṣẹ́ nínú gbọ̀ngàn ìjọba ìbílẹ̀ ní Kàbà ti yí àga wọn sọ́dọ̀ rẹ̀ lọ́sàn-án Ọjọ́rú yẹn. Ogún ọdún ló ti fi tẹ̀wé lórí táípù, kò sì sí lẹ́tà tó lè bà á lẹ́rù mọ́. Ṣùgbọ́n ọ̀sẹ̀ kejì rèé tí wọ́n ti bẹ̀rẹ̀ ẹ̀kọ́ kọ̀ǹpútà yìí, àyà rẹ̀ ṣì ń já bí ó bá ti fẹ́ sọ fún ẹ̀rọ pé kó máa ṣe ohun tí òun kọ fún un. Ó dijú, ó tẹ̀ ẹ́.

Nígbà tó máa fi lajú, lẹ́tà aláwọ̀ ewé ti ń yọ lọ́kọ̀ọ̀kan lójú ẹ̀rọ tó ṣókùnkùn: OJA ABE ODAN: SONDE. Kò sí àmì kankan lórí wọn, nítorí ẹ̀rọ náà kò mọ àmì. Síbẹ̀, ó dùn mọ́ Theresa dé ọkàn. Ọyẹ́ ti bo òkè tó wà lẹ́yìn ìlú, gbogbo ojú fèrèsé funfun, ó sì ń ṣe é bíi pé kò sí nǹkan mìíràn láyé mọ́ àfi òun àti ọ̀rọ̀ mẹ́rin yẹn.

"Tò! Ó ti ṣiṣẹ́!" Olúṣèyí, olùkọ́ wọn, pàtẹ́wọ́.

Ọmọ Ìyàgbà ni Olúṣèyí, ṣùgbọ́n Kàdúná ni wọ́n bí i sí, ibẹ̀ náà ló ti kàwé. Kì í fi ẹ̀kọ́ ṣe ọ̀rọ̀ ẹnu. "Ẹ fọwọ́ kàn án, ẹ bà á jẹ́, ẹ tún un ṣe," ló máa ń wí láràárọ̀. Ó ti ní kí olúkúlùkù kọ ètò kan fún kọ̀ǹpútà, lórí nǹkan tó mọ̀ láti ilé rẹ̀. Theresa mú ọjà Abẹ́-Ọ̀dán, ọjà abúlé ìyá rẹ̀, tó wà níwájú Odò-Àpẹ. Àwọn òṣìṣẹ́ ìlera tó ń lọ gún àwọn ọmọdé lábẹ́rẹ́ níbẹ̀ kì í bá ọjà. Bí wọ́n bá dé, àwọn ará abúlé á ní àná ló ná. Ètò Theresa ni yóò máa sọ ọjọ́ ọjà fún wọn títí ọdún yóò fi parí.

"Ọjọ́ kan ń bọ̀," Olúṣèyí wí, ojú rẹ̀ wà lára ọyẹ́ tó wà lóde, "tí obìnrin tó ń tajà ní Ayétòrò yóò fa kọ̀ǹpútà yọ látinú àpò, kó bi í pé ọjà di ìgbà wo."

"Àpò wo ló máa gba pósí yìí?" ni ẹnì kan wí lẹ́yìn, gbogbo gbọ̀ngàn sì bú sẹ́rìn-ín.

Theresa rẹ́rìn-ín díẹ̀. Ìpínlẹ̀ Kogí kò tíì pé ọdún márùn-ún nígbà náà, wọ́n ṣì ń pín àwọn òṣìṣẹ́ kiri. Àwọn ọ̀gá ń bọ̀ láti Lọ́kọ́ja lọ́jọ́ Mọ́ńdè láti wo iṣẹ́ wọn. Ẹnì kan ṣoṣo ni wọ́n máa fi sílẹ̀ ní yàrá kọ̀ǹpútà ti Kàbà. Àwọn yòókù yóò lọ sí òdìkejì odò Ọya, Àńkpá sì ni wọ́n ní wọ́n kọ síwájú orúkọ tirẹ̀. Ìyá rẹ̀ ti lé ní ọgọ́rin ọdún, ó sì ti búra pé òun ò ní sọdá odò Ọya láyé òun. Fisáyọ̀, ọmọ kan ṣoṣo tí Theresa bí, wà nílé ìwé ní Ìlọrin. Bí Theresa bá lọ, ta ni yóò máa bu omi fún arúgbó mu?

"Okun o, Màmá," ló fi kí ìyá rẹ̀ nírọ̀lẹ́ ọjọ́ náà.

"Òò, okun o. O kú iṣẹ́ ẹ̀rọ."

Adédùntán, ìyá rẹ̀, jókòó sí ọ̀dẹ̀dẹ̀, ó fi aṣọ bora dé ọrùn nítorí ọyẹ́. Abọ́ tánganran kékeré méjì wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, pẹ̀lú òkúta wẹ́wẹ́ mẹ́rin. Ọdún mẹ́ta rèé tí kò ti lọ sí ọjà Abẹ́-Ọ̀dán mọ́, níbi tó ti fi ogójì ọdún ta irú, ṣùgbọ́n kò ṣíwọ́ kíka ọjọ́ rẹ̀. Láràárọ̀, á mú òkúta kan látinú abọ́ ọ̀tún sínú abọ́ òsì. Bí mẹ́rẹ̀ẹ̀rin bá ti kọjá tán, ọjà pé nìyẹn; lálẹ́, á kó wọn padà sí ọ̀tún. Lọ́jọ́ bẹ́ẹ̀, á jókòó, á máa gbọ́ ariwo tí ẹlòmíràn kò gbọ́, á tiẹ̀ tún máa dá oníbàárà lóhùn.

"Màmá, ìgbà wo lẹ ní ọjà ná kẹ́yìn?"

"Àná, ọjọ́ Ìṣẹ́gun. Ṣebí mo ti sọ fún ọ."

"Èyí tó ń bọ̀ ńkọ́?"

"Sátidé."

"Kì í ṣe Sọ́ńdè?"

"Haba, Theresa! Ta ló gbé ọjà lọ sí Sọ́ńdè?"

Theresa kò bá a jiyàn. Ọjọ́ Ìṣẹ́gun tí ìyá rẹ̀ fẹnu ara rẹ̀ sọ ni òun fi bẹ̀rẹ̀ ètò náà. Ọjà ọrún ni, ọrún sì rèé, márùn-ún ni. Márùn-ún lórí Ìṣẹ́gun, Sọ́ńdè ni. Ẹ̀rọ kì í gbàgbé. Ìyá rẹ̀ ló ń gbàgbé. Láti ìgbà tí ọyẹ́ ti bẹ̀rẹ̀, ó ti fi orúkọ àbúrò rẹ̀ tó ti kú pe Theresa lẹ́ẹ̀mejì, ó sì ti fi iyọ̀ sọ́bẹ̀ tó ti níyọ̀. Àwọn ará ṣọ́ọ̀ṣì ti ń wò ó tàánú-tàánú. Àánú ṣe Theresa náà, àánú tó ń dunni bí ẹ̀gún.

Ní àárọ̀ Ọjọ́bọ̀, ìyá mú òkúta kejì kọjá, ó sì lọ bọ́jú lẹ́yìnkùlé. Theresa bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ bí olè. Ó mú òkúta kan nínú abọ́ òsì, ó dá a padà sí ọ̀tún, kí kíkà ìyá rẹ̀ lè bá ti ẹ̀rọ mu, kí ojú má bàa tì í bí ẹnikẹ́ni bá bi í léèrè. Òkúta náà tutù, ó sì dán nítorí ọwọ́ tó ti ń kàn án láti ọdún pípẹ́. Gbogbo ọjọ́ yẹn ni Theresa ń rí i láàárín lẹ́tà aláwọ̀ ewé.

Lọ́sàn-án Sátidé ni Kíkẹ́lọmọ, ọmọ ẹ̀gbọ́n rẹ̀ tó ń gbé ní abúlé, sọ̀ kalẹ̀ nínú ọkọ̀ lẹ́nu ọ̀nà. Ó gbé agbọ̀n irú àti iṣu mẹ́ta wọlé, eruku bò ó dé ìpéǹpéjú.

"Okun o, Àǹtí! Ọjà Abẹ́-Ọ̀dán ni mo ti ń bọ̀ tààrà. Ó kún lónìí, ó ju ti ìjarùn-ún lọ."

"Ọjà wo?" Theresa dìde. "Lónìí?"

"Lónìí ni. Kí ló dé?"

"Ìjarùn-ún wo?"

"Ìṣẹ́gun tó kọjá. Àǹtí, ara yín yá bí?"

Theresa na ìka ọwọ́ rẹ̀, ó ń ká wọn lọ́kọ̀ọ̀kan: òní, àná, ìjẹta, ìjẹrin, ìjarùn-ún. Ìka márùn-ún. Ṣùgbọ́n ẹ̀ẹ̀mẹrin péré nilẹ̀ mọ́ láàárín wọn. Òní wà nínú rẹ̀! Láti kékeré ni òun ti ń ka òní mọ́ ọn láìmọ̀. Ìyá òun ń kà á. Gbogbo ọjà ń kà á. Ẹ̀rọ nìkan ni kò kà á, nítorí òun kò sọ fún un. Òkúta mẹ́rin, ọjà ọrún. Ó ti wà níwájú òun láti ọjọ́ tí wọ́n ti bí òun.

Lẹ́yìn náà ló rántí ohun tí òun fi ọwọ́ ara òun ṣe láàárọ̀ Ọjọ́bọ̀. Ojú tì í débi pé kò lè wo ìhà ibi tí abọ́ méjèèjì wà. Lọ́jọ́ Sọ́ńdè, ó jókòó ní ṣọ́ọ̀ṣì láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, kò gbọ́ nǹkan kan. Gbọ̀ngàn wà ní títì, Olúṣèyí sì ti mú kọ́kọ́rọ́ lọ sílé àwọn ẹbí rẹ̀ ní Ẹ̀gbẹ̀.

Nígbà tí ó dé ibi iṣẹ́ láàárọ̀ Mọ́ńdè, jẹnẹrétọ̀ ti ń ké, àwọn àlejò ti jókòó. Olúṣèyí ti tẹ ètò gbogbo wọn jáde lórí ìwé, ó sì ti kó o síwájú Alhaja, ọ̀gá tó ti Lọ́kọ́ja wá, ọmọ Ọ̀wọ̀rọ̀ kan báyìí tó sanra, tó fi òrùka mẹ́ta sọ́wọ́.

"Ìyá Fisáyọ̀, ẹ̀yin ló kàn," Alhaja wí. "Ọjọ́ ọjà títí dé Disẹ́ńbà! Èyí dára o."

"Ẹ kàn kà á, Màmá," Olúṣèyí sọ sí i létí. "Kò sí ohun tó ṣe é."

Theresa dìde. Kò sí ẹnì kan nínú gbọ̀ngàn yẹn tó mọ ọjà Abẹ́-Ọ̀dán. Bí òun bá ka ìwé yìí, wọ́n á pàtẹ́wọ́, òun á jókòó, bóyá òun á sì máa gbé Kàbà lọ. Àwọn òṣìṣẹ́ ìlera á dé abẹ́ igi ọ̀dán, wọ́n á tún bá ilẹ̀ gbalasa.

"Ẹ jọ̀ọ́, mà," ó ní, "ohun tó wà nínú ìwé yìí kì í ṣe òótọ́."

Olúṣèyí yíjú sí i. "Kí ni kì í ṣe òótọ́? Ẹ̀yin lẹ ní ọjà ọrún ni. Ọrún, márùn-ún ni."

"Èmi ni mo sọ ọ́, mo sì ṣì í kọ. Olùkọ́, ẹ má bínú: ọjọ́ wo ni ìjẹta?"

"Sátidé."

"Láti Sátidé dé òní, ẹ̀ẹ̀melòó nilẹ̀ mọ́?"

"Ẹ̀ẹ̀mejì."

"Kí ló wá dé tí a fi ń pè é ní ìjẹta?"

Alhaja ti ń fi òrùka ọwọ́ rẹ̀ ka ọjọ́ lọ́kọ̀ọ̀kan lábẹ́ tábìlì. Nígbà tó kà á dé ìkẹta, ó bú sẹ́rìn-ín. "Yé! Òótọ́ ni! Láti ìgbà tí mo ti ń sọ ọ́!"

Theresa jókòó sídìí ẹ̀rọ. Ó wá ibi tí 5 wà, ó pa á rẹ́, ó tẹ 4 síbẹ̀, kò sì dijú lọ́tẹ̀ yìí. SATIDE. OJORU. SONDE. Ọjọ́ ọjà ń yọ lọ́wọ̀ọ̀wọ́, ó sì dàbí ẹni pé òun ń gbóòórùn irú.

"Ta ló jẹ́ kẹ́ ẹ rí i?" Alhaja béèrè.

"Màmá mi ni, mà. Òkúta ni wọ́n fi ń kà á."

Alhaja kọ nǹkan kan sínú ìwé rẹ̀, ó pa á dé. "Ìyá Fisáyọ̀, ẹ má di ẹrù Àńkpá kankan o."

Nírọ̀lẹ́, Theresa kò tíì bọ́ bàtà nígbà tó kúnlẹ̀ síwájú ìyá rẹ̀ ní ọ̀dẹ̀dẹ̀.

"Màmá, ẹ dárí jì mí. Èmi ni mo dá òkúta yín kan padà ní Ọjọ́bọ̀."

"Mo mọ̀."

"Ẹ mọ̀?"

"O ò tíì dé ìta tí mo ti mú un padà síbi tó wà." Ìyá na ọwọ́, ó gbọn eruku kúrò léjìká rẹ̀. "Mo ní, ọmọ mi ti ń ṣarán o, iṣẹ́ ẹ̀rọ yìí ti fẹ́ gba orí ẹ̀. Mi ò fẹ́ kójú tì ọ́, ni mo ṣe dákẹ́."

Theresa rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú rẹ̀. Nígbà tó rọlẹ̀, ó fọwọ́ nu ojú. "Ọkọ̀ àwọn alábẹ́rẹ́ máa lọ sí Abẹ́-Ọ̀dán lọ́jọ́ ọjà. Ẹ jẹ́ ká bá wọn lọ, Màmá."

Ìyá ń wo inú ọyẹ́ bí ẹni tí wọ́n pè láti òkèèrè.

"Aṣọ ọjà mi wà nísàlẹ̀ àpótí," ó wí níkẹyìn. "Bá mi yọ ọ́ kó gba afẹ́fẹ́. Ọjọ́ mélòó ló kù?"

Theresa wo inú abọ́ òsì. Òkúta méjì ló wà níbẹ̀, méjì sì kù ní ọ̀tún. Ó la ẹnu láti sọ pé méjì, ó pa á dé.

"Mẹ́ta, Màmá," ó ní. "A ti ka òní mọ́ ọn."