Àyè Enos

Ọkùnrin tó dúró lórí àpótí ń yí ọwọ́ ẹ̀rọ àwòrán rẹ̀, ó ń kígbe pé kí wọ́n máa rìn, kí wọ́n má wojú òun. Ọjọ́ ìwọ́de ìjọ àwọn tó ń bá ẹ̀mí òkú sọ̀rọ̀ ni, gbogbo ìlú Burnley sì ti jáde wá wò wọ́n. Awakùsà kan tó fara ti ògiri ilé ọtí ní kí wọ́n bá òun kí ìyá ìyàwó òun tó ti kú, kí wọ́n sọ fún un pé ibẹ̀ ni kó jókòó sí.

Zillah Thornber kò rẹ́rìn-ín. Ahunṣọ ni. Ọdún kẹrin rèé tí ikọ́ ti pa Enos, ọkọ rẹ̀. Ìyáàfin Sutcliffe, tí ẹ̀mí máa ń gba ẹnu rẹ̀ sọ̀rọ̀, ti sọ fún un pé Enos ń bá a rìn lápá ọ̀tún. Ìdí nìyẹn tó fi fi àyè sílẹ̀ níbẹ̀, èyí tó gba èèyàn kan gẹ́lẹ́.

Opó kan tó ṣẹ̀ṣẹ̀ dara pọ̀ mọ́ ìjọ, Martha Haworth, sún mọ́ ọn.

"Ẹ jọ̀ọ́, ṣé mo lè di apá yín mú? Ẹsẹ̀ mi ń gbọ̀n."

"Èèyàn wà níbẹ̀."

Martha wo àyè náà, ó tọrọ àforíjì, ó padà sẹ́yìn.

Nírọ̀lẹ́, wọ́n fi àwòrán tó ń rìn tí ọkùnrin náà yà hàn nínú àgọ́ kan ní pápá. Àsíá kọjá, àwọn ọmọdé aláṣọ funfun kọjá, Zillah náà wá yọ. Lápá ọ̀tún rẹ̀, òkúta títì lásán ni. Ó ti mọ̀ pé bẹ́ẹ̀ ni yóò rí. Síbẹ̀, ó dùn ún.

Lẹ́yìn rẹ̀ ló ti rí Martha, òun nìkan ní ìparí ìlà. Àìkọ́wọ̀ọ́rìn ejò ní í jẹ ejò níyà. Martha na ọwọ́ bí ẹni fẹ́ di aṣọ Zillah mú lẹ́yìn, ó sì fà á padà.

Àwọn èèyàn pàtẹ́wọ́, wọ́n ní kí wọ́n tún fi í hàn. Lẹ́ẹ̀kejì yìí, ọwọ́ yẹn nìkan ni Zillah ń wò.

Nígbà tí wọ́n jáde, ó bi Ìyáàfin Sutcliffe níbi tí Martha ń gbé.

"Ṣé o ò mọ̀ ni? Ẹ̀yìn ilé rẹ mà ni. Ògiri kan ṣoṣo ló wà láàárín yín. Ó ti lo oṣù mẹ́ta níbẹ̀."

 Láti oṣù mẹ́ta ni Zillah ti ń gbọ́ ikọ́ lára ògiri yẹn láràárọ̀, tó máa ń gbé ife tíì rẹ̀ lọ síbẹ̀, tó ń dáhùn pé, "Mò ń gbọ́ ẹ, Enos."