Ẹ̀yìnkùlé Ilé-Iṣẹ́ Ilẹ̀

"Ọjọ́ Ajé ni katakata ń bọ̀," Abdoulaye wí. "Wọ́n á wó gbogbo ẹ̀. Bureau ilẹ̀ yẹn, ọgbà, igi, gbogbo ẹ̀ pátá."

Ìbíjọkẹ́ gbé omi síwájú rẹ̀. Látìgbà tí Abdoulaye ti ń ṣọ́ ilé-iṣẹ́ ilẹ̀ ni wọ́n ti mọ̀ ọ́n. Adérẹ̀mí ọkọ rẹ̀ ni káfíńtà ibẹ̀ nígbà náà, yàrá kan ní ẹ̀yìnkùlé ni tọkọtaya ń gbé. Ó ti lé ní ọgbọ̀n ọdún. Abdoulaye kì í sì í ṣe ẹni tí í gun alùpùpù la Ouagadougou já láti Tampouy wá sí Cissin nínú oòrùn tìtorí ilé àtijọ́ lásán.

"Ṣé wọ́n á wá iṣẹ́ mìíràn fún ẹ?" Adérẹ̀mí bi í.

"Mo ti fẹ̀yìn tì, patron. Iṣẹ́ kọ́ ló gbé mi wá." Ó wo ilẹ̀. "Ọmọ yẹn ni."

Àkọ́bí tọkọtaya náà ló ń wí. Ó kú kó tó pé ọjọ́ ìsọmọlórúkọ. Gẹ́gẹ́ bí àṣà wa, bàbá àti ìyá kò tẹ̀ lé e lọ síbi ìsìnkú. Abdoulaye ló di í láṣọ, òun ló gbẹ́ ilẹ̀ lẹ́yìn bureau, ó sì pa ẹnu rẹ̀ mọ́. Àwọn ará Nàìjíríà tó wá kí wọn ní omi ló dà nù, agbè kò fọ́. Nígbà tó yá, wọ́n bí Débọ̀, gbogbo Ouaga sì ń pè wọ́n ní Bàbá Débọ̀ àti Ìyá Débọ̀, àfi bí ẹni pé ibẹ̀ ni wọ́n ti bẹ̀rẹ̀.

"Tí ẹ bá fẹ́," Abdoulaye ní, "ẹ wá lọ́la, kí n gbẹ́ ibẹ̀ kí wọ́n tó dé."

"Rárá." Adérẹ̀mí mi orí. "Òbí kì í mọ ojú oórì ọmọ. Èèwọ̀ ni. Barka, Abdoulaye, o ṣeun."

"Bàbá Débọ̀, ṣé irin katakata ni kó wá hú ọmọ mi jáde?" Ìbíjọkẹ́ bi í.

"Mo ní èèwọ̀ ni!"

Abdoulaye wo ọkọ, ó wo ìyàwó. Ọ̀rọ̀ náà kò yé e rárá. "Ṣùgbọ́n patron, ẹ̀yin kúkú mọ ibẹ̀. Àwa méjèèjì la jọ gbin dóńgóyárò sí i."

Ìbíjọkẹ́ yíjú sí ọkọ rẹ̀. Gbogbo ìgbà tó ń gbé àpò irinṣẹ́ rẹ̀ jáde, tó ń ní ilẹ̀kùn bureau tún ti bàjẹ́! Ìgbà tí wọ́n fi ilẹ̀kùn onírin síbẹ̀ pàápàá, kò yé lọ. Òun a sì máa fi ṣe yẹ̀yẹ́ pé ilé ìjọba ni ìyálé òun. Àṣé ojú oórì ọmọ ló ń lọ! Inú bí i.

"Ẹ mọ̀. Ẹ mọ̀, ẹ sì fi mí sílẹ̀."

"Wọ́n ní tí ìyá bá mọ ibẹ̀, inú rẹ̀ kò ní gba òmíràn." Ohùn Adérẹ̀mí ti lọ sílẹ̀. "Ẹ̀rù bà mí."

"Débọ̀ dé. Yẹmí àbúrò rẹ̀ dé. Nígbà tí wọ́n dé tán ńkọ́?"

"Mi ò mọ bí mo ṣe máa bẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀ náà mọ́."

Ìbíjọkẹ́ nu ojú rẹ̀ nù. "Lọ́la, gbogbo wa la jọ ń lọ," ó wí.

Nígbà tí wọ́n débẹ̀ lọ́jọ́ kejì, àwọn òṣìṣẹ́ ti ṣí páànù orí ilé náà. Ògiri alámọ̀ rẹ̀ nípọn síbẹ̀. Nígbà tí àwọn òyìnbó kọ́ ọ, ẹ̀yìn rẹ̀ ni ìlú parí sí, igbó àti oko bàbà ló kù. Láti ọ̀ọ̀dẹ̀ rẹ̀ ni àwọn awọnlẹ̀ ti ń gbé okùn àti èèkàn jáde, tí wọ́n ń wọn ilẹ̀ lọ. Àwọn kan fijó jáde níbẹ̀, àwọn mìíràn fẹkún jáde. Ibẹ̀ ni Ìbíjọkẹ́ àti ọkọ rẹ̀ náà ti gba ilẹ̀ Cissin. Ṣùgbọ́n ilẹ̀ tí wọ́n kọ́kọ́ ní nílùú yìí, ẹ̀yìn ilé náà ló wà, ẹnikẹ́ni kò sì wọ̀n ọ́n fún wọn.

Abdoulaye gbẹ́ ilẹ̀ jẹ́jẹ́ lábẹ́ dóńgóyárò náà. Gbòǹgbò àti yẹ̀pẹ̀ nìkan ló bá.

"Ilẹ̀ ti gbà á, Maman. Kò sí nǹkan kan."

"Yẹ̀pẹ̀ náà tó." Ìbíjọkẹ́ kúnlẹ̀, ó tẹ́ aṣọ funfun tó mú wá.

Nígbà tí Abdoulaye bu yẹ̀pẹ̀ sí i tán, ó bọ́ bàtà. "Mo fẹ́ ṣàdúrà fún un. Kí ni orúkọ rẹ̀?"

Ìbíjọkẹ́ bojú wo aṣọ náà. Ọmọ tí kò pé ọjọ́ ìsọmọlórúkọ, orúkọ wo ló ní?

"Tẹniọlá," Adérẹ̀mí wí. Ó ti kúnlẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ìyàwó rẹ̀, omijé ń bọ́ lójú rẹ̀. "Lọ́jọ́ tí ìbá pé ọjọ́ mẹ́jọ, mo wá síbí, mo sọ ọ́ lórúkọ."

Abdoulaye ṣàdúrà ní èdè tirẹ̀. Ìbíjọkẹ́ di aṣọ náà, ó gbé e mọ́ àyà. Nígbà tó dìde, ọkọ rẹ̀ ṣì wà lórí ìkúnlẹ̀. Ìbíjọkẹ́ na ọwọ́ kan sí i.

"Ẹ dìde, Bàbá Tẹniọlá," ó wí. "Ẹ jẹ́ ká gbé e lọ sílé."