Ọrẹ Alààyè

"Ẹ jọ̀ọ́ Bàbá, ẹ bá mi tú okùn yẹn. Ó ń fún un lọ́rùn."

Bàbá Akínlẹ́yẹ, alàgbà ìjọ, kò yíjú sí Wúràolúwa. Ó ń fi imọ̀ ọ̀pẹ ṣe ẹnu ọ̀nà ṣọ́ọ̀ṣì lọ́ṣọ̀ọ́. Lẹ́bàá ẹsẹ̀ rẹ̀, ìjàpá òkun kan tó fẹ̀ bíi tábìlì dùbúlẹ̀ lórí ẹ̀yìn, ikùn rẹ̀ kọjú sókè, apá rẹ̀ tó rí bí àjẹ̀ ń gbá afẹ́fẹ́ lásán.

Ìkórè ọjọ́ kejì ni wọ́n ń múra fún. Nínú ìjọ àwọn apẹja yìí, létí ọ̀sà ní Bariga, ohun tó bá tóbi jù tí àwọ̀n ìdílé kọ̀ọ̀kan mú ní ọ̀sẹ̀ ìkórè, ti Olúwa ni. Wọn á gbé e síwájú pẹpẹ, lẹ́yìn náà wọn á lù ú ní gbàǹjo, ẹni tó bá rà á á lọ sè é jẹ. Lọ́dún yìí, Bàbá ti jẹ́ ẹ̀jẹ́ pàtàkì, nítorí ìyàwó rẹ̀ tí Ọlọ́run gbé dìde lórí àkéte àìsàn; ìjàpá yìí ló sì fẹ́ fi san án.

Iṣẹ́ Wúràolúwa ní yunifásítì tó wà ní Akọka ni ìmọ̀ nípa ẹ̀dá inú òkun. Ó ti pẹ́ tó ti ń bẹ àwọn apẹja kí wọ́n yé pa ìjàpá òkun, torí pé wọ́n ń tán lọ, òfin sì kà á léèwọ̀. "Dókítà Ẹja" ni wọ́n ń pè é, wọn á sì máa rẹ́rìn-ín.

Láàárọ̀, ó mú Ọ̀gbẹ́ni Gbádégẹṣin, òṣìṣẹ́ ìjọba tó ń bójú tó ẹja pípa, wá. Ọkùnrin náà wo ìjàpá, ó wo àgbélébùú lókè ilé, ó fa Wúràolúwa sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan.

"Dókítà, nínú ṣọ́ọ̀ṣì? Ayé ológun ti lọ o. Ìbò ń bọ̀. Ta ló fẹ́ kí wọ́n sọ pé ìjọba jí ọrẹ ìkórè gbé?"

Ó mu omi tí wọ́n fún un, ó ṣàdúrà fún wọn, ó sì gun ọ̀kadà lọ.

Láti ìgbà náà ni Wúràolúwa ti ń ka òfin títí ẹnu rẹ̀ fi gbẹ. Èsì kan náà ni Bàbá ń fún un: ohun tí a bá ti fi fún Ọlọ́run, a kì í gbà á padà.

Ó jókòó sórí àtẹ̀gùn tìbínútìbínú, ó ń bu omi sí ìjàpá náà lára. Omi ń dà lójú ẹranko náà. Ó rántí bàbá tirẹ̀, olùkọ́ ìjọ, tó máa ń mú un ka ìwé Léfítíkù ní kùtùkùtù nígbà tí oorun ṣì wà lójú rẹ̀.

"Bàbá, adẹ́tẹ̀ tó rí ìwòsàn nínú Léfítíkù, ẹyẹ méjì ni wọ́n mú wá nítorí rẹ̀. Wọ́n pa ọ̀kan. Èkejì ńkọ́?"

Ọwọ́ Bàbá dúró lórí imọ̀ ọ̀pẹ. "Wọ́n jẹ́ kó fò lọ."

"Ṣé ọrẹ kọ́ nìyẹn?"

Bàbá fi imọ̀ ọ̀pẹ sílẹ̀. Ó bẹ̀rẹ̀, ó tú okùn náà.

Lọ́jọ́ kejì, lẹ́yìn àdúrà níwájú pẹpẹ, wọ́n fi ọkọ̀ ẹ́ńjìnì gbé e lọ sí ẹnu òkun, wọ́n ń kọrin. Ìjàpá náà rì, ó yọ orí lẹ́ẹ̀kan, ó mí, kò sì yọ mọ́.

Bàbá nu ojú rẹ̀. "Mo ti san ẹ̀jẹ́ mi. Lọ́dún tó ń bọ̀, màá wá èyí tó tóbi jù ú lọ mú. Bẹ́ẹ̀ náà la ó ṣe é."

Òfin sáré dé ẹnu Wúràolúwa. Ó gbé e mì. Ó mú igbá, ó ń gbọ́n omi inú ọkọ̀.

"Bàbá," ó ní, "Ọjọ́ Ìsinmi wo ni kí n wá ka ohun tí Bíbélì sọ nípa ẹ̀dá inú òkun fún ìjọ?"