Ihò Tí Kò Mọ Ọ̀gá

Ẹ̀rọ tó ń po ọṣẹ nílé iṣẹ́ wa ga ju òrùlé ilé bàbá mi lọ. Tó bá ń yí, ilẹ̀ á máa gbọ̀n títí dé eyín ẹni. Títí di òní, ẹ̀rù rẹ̀ ò tíì kúrò lára mi. Ihò kékeré kan nísàlẹ̀ la ń gbà wọ inú rẹ̀ lọ tún un ṣe. Bó ti wù kó o ga tó, wàá dọ̀bálẹ̀ gbalaja kó o tó wọlé. Ẹni tó bá máa wọlé á kọ́kọ́ fi àgádágodo tirẹ̀ ti suwíìṣì pa, á sì mú kọ́kọ́rọ́ dání.

Lọ́jọ́ náà, ẹ̀gbọ́n mi tó jẹ́ wẹ́dà ló wà nínú, èmi sì dúró sẹ́nu ihò. Ó ti fi òwú dí etí, ó ń dúró kí irin tó jó pọ̀ tutù. Ni máníjà bá já wọlé.

"Ìwọ! Ẹ̀rọ ò ṣe ṣiṣẹ́? Oníbàárà ti kún géètì!"

"Ẹ̀gbọ́n mi wà nínú ẹ̀, sà."

"Irọ́! Mi ò gbọ́ ìró kankan. Ó ti lọ sùn." Ó kọjú sí rìwáyà tó ń tún iná ṣe. "Ìwọ, lọ mú ayùn wá. Gé àgádágodo yẹn, kó o tan ẹ̀rọ."

Rìwáyà sáré lọ. Ta ló fẹ́ kí oúnjẹ bọ́ lẹ́nu òun? Mo yíjú sí máníjà.

"Ẹ dákun sà, ẹ yọjú wò ó fúnra yín. Àgádágodo tèmi rèé, ẹ fi ti suwíìṣì kẹ́ ẹ tó wọlé."

"Ta ló bí ẹni tó máa tan ẹ̀rọ lórí mi?"

Ó bọ́ kóòtù, ó dọ̀bálẹ̀, ó wọ́ wọlé, táì rẹ̀ ń gbálẹ̀.

Ẹsẹ̀ rẹ̀ ò tíì pòórá tán tí rìwáyà fi gba ẹ̀yìn ẹ̀rọ dé ìdí suwíìṣì. Mo sáré lọ fọwọ́ méjèèjì bo àgádágodo.

"Gbọ́wọ́ ẹ! Ọ̀gá ló ní kí n gé e."

"Ọ̀gá ti wọnú ẹ̀!"

"Ọ̀gá? Nínú ihò?" Ó bú sẹ́rìn-ín, ayùn sì bẹ̀rẹ̀ sí í họ irin lẹ́gbẹ̀ẹ́ ìka mi.

Ohùn kan ta jáde látinú ẹ̀rọ.

"Ẹ má gé e o! Ẹ̀yin tẹ́ ẹ wà níta, ẹ jọ̀ọ́!"

Ayùn bọ́ lọ́wọ́ rìwáyà. Máníjà tó ń pe bàbá arúgbó tó ń gbálẹ̀ ní "ìwọ" ló ń pè wá ní "ẹ̀yin" yìí.

A sáré lọ sẹ́nu ihò. Orí ọ̀gá ló kọ́kọ́ yọ, ẹ̀gbọ́n mi wà lẹ́yìn rẹ̀. Ọ̀gá ṣì wà ní ìdọ̀bálẹ̀, ó dojú kọ bàtà wa. Rìwáyà ò mọ èyí tí yóò ṣe. Òun náà bá dọ̀bálẹ̀.