Ìyá Tó Wà Nínú Ìwé

“Ọjọ́ Àlàmísì ni wọ́n bí ìyá mi, ni wọ́n bá sọ ọ́ ní Lami. Nígbà tó dé ilé ìwé, tíṣà ní orúkọ náà nira fún òun láti pè, ó bá kọ Gírésì sílẹ̀ fún un.”

Salimat gbé abẹ̀bẹ̀ tó fi ń fẹ́ ìyá ọkọ rẹ̀ sílẹ̀. Ọ̀jọ̀gbọ́n Abdulmujeeb ló ń sọ̀rọ̀ nínú rédíò, ó ń ka ìwé tuntun rẹ̀ lórí ìjọba Sípéènì ní Fílípíìnì sétígbọ̀ọ́ gbogbo Ìlọrin. Ṣùgbọ́n ta ni kò mọ̀ pé Ummu-Kulthum ni ìyá Abdulmujeeb ń jẹ́? Lami gan-an, ìyá ọkọ rẹ̀, ló jókòó nínú pálọ̀ wọn ní àdúgbò Basin yìí, tí ojú rẹ̀ ti fọ́.

Ọdún mọ́kàndínlógún ni Naeem, ọkọ Salimat, fi kọ ìwé náà. Salimat ló tẹ̀ ẹ́. Ó ṣì rántí ibi tí àwọn Sípéènì ti to orúkọ àjèjì sínú ìwé, tí wọ́n ń pín in fún àwọn ará Fílípíìnì láti ìlú dé ìlú. Lọ́jọ́ fìdáù Naeem, Abdulmujeeb, ọ̀rẹ́ òkú, kó kọ̀ǹpútà àti gbogbo fáìlì lọ. “Ìyá Rahama, kí iṣẹ́ ẹ̀ má bàa ṣòfò ni,” ó tún ń nu omijé. Kòkòrò tó ń jẹ ẹ̀fọ́, ìdí ẹ̀fọ́ ló ń gbé.

Inú bí Salimat, ó sì tẹ nọ́ńbà ilé iṣẹ́ rédíò. Wọ́n gbé e, wọ́n sì gbé ohùn rẹ̀ sórí afẹ́fẹ́.

“Pùròfẹ́sọ̀, ẹ kú iṣẹ́. Ìyàwó Naeem ni. Lami wà níbí. Ṣé kí n gbé fóònù fún un, kó bá ọmọ ẹ̀ sọ̀rọ̀?”



“Ó jọ pé nẹ́tíwọ́ọ̀kì ti já,” ni atọ́kùn ètò wí. Wọ́n fi orin sí i.

“Naeem ni,” Màmá ní láti orí àga rẹ̀. “Ọ̀rọ̀ Gírésì yẹn, òun nìkan ni mo sọ ọ́ fún. Salimat, ẹ ní ó ti kú.”

“Màmá, kì í ṣe òun…”

“Ta wá ló ń pè mí ní ìyá?”

Salimat na ọwọ́ láti di ọwọ́ rẹ̀ mú, Màmá gbọ́n ọn dànù.

“Ẹ purọ́ fún mi.”

Ọ̀sẹ̀ kẹta rèé. Màmá kò jẹ́ kí Salimat fọwọ́ kan òun mọ́, Rahama ọmọ Salimat ló ń bọ́ ọ. Bí ilẹ̀kùn bá ti dún, Màmá á pe Naeem, á sì sún lórí àga, kí àyè lè wà fún ọmọ rẹ̀ láti jókòó.